Ẹjọ́ Owó Orí Tí Kò Jáde: Bí Ẹ Ṣe Lè Gba Àṣẹ Kóòtù n'Ìbàdàn Kí Wọ́n Lè Dá A

Ẹ ti pe ẹjọ́ lórí owó orí tí wọ́n bù fún yín. Lọ́yà yín ti sọ tẹnu rẹ̀ tán, ọ́fíìsì owó orí náà ti sọ tiwọn, ìgbìmọ̀ tó ń gbọ́ ẹjọ́ náà ní kí gbogbo yín máa lọ sílé, pé àwọn á ránṣẹ́ pè yín. Láti ìgbà náà, kò sẹ́ni tó pè. Ẹ kò rí tax clearance, ìwé ẹ̀rí pé ẹ ti san owó orí, gbà, kọ́ńtíráàtì tó yẹ kó bọ́ sí yín lọ́wọ́ ń kọjá lọ, owó tí ẹ ń bá wọn jiyàn lé lórí sì ń bí èlé nínú ìwé wọn. Ibi tí ọ̀rọ̀ bá dé yìí ni ọ̀pọ̀ oníṣòwò Ìbàdàn ti máa ń fi ìbínú gba kóòtù lọ, tí kóòtù á sì dá wọn padà lọ́wọ́ òfo. Wọ́n lè jàre o. Àmọ́ ohun tí kóòtù kò lágbára láti fún wọn ni wọ́n lọ béèrè, tàbí kí wọ́n dé ibẹ̀ láìsí ìwé kan ṣoṣo tó fi hàn pé wọ́n ti kọ́kọ́ béèrè lọ́wọ́ ẹni tó yẹ.

Èmi kì í ṣe lọ́yà. Ìwé owó orí ni mò ń bá àwọn ọlọ́jà ṣe, mo sì ti gbé báàgì fáìlì tẹ̀lé lọ́yà púpọ̀. Ẹni tí mò ń bá sọ̀rọ̀ ni ẹni tí ẹjọ́ rẹ̀ ti wà níwájú Tax Appeal Tribunal, ìgbìmọ̀ tó ń gbọ́ ẹjọ́ owó orí, èyí tí gbogbo wa ń pè ní TAT, tí ẹ̀ka rẹ̀ fún ìwọ̀-oòrùn gúúsù wà n'Ìbàdàn níbí. Tó bá jẹ́ pé ìwé àtakò yín ṣì wà lọ́wọ́ ọ́fíìsì owó orí fúnra rẹ̀, ẹ kò tíì dé ibi tí à ń sọ. Òfin ìṣàkóso owó orí tuntun tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ lọ́jọ́ 1 oṣù kìíní 2026 fún wọn ní 90 ọjọ́ láti fèsì. Ẹ jẹ́ kí ọjọ́ náà pé ná.

Ohun kan ni kí ẹ dì mú kí a tó bẹ̀rẹ̀. Kóòtù kò ní bá yín dín owó orí kù níbi tí à ń lọ yìí. Àṣẹ tí à ń wá ni mandamus. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé adájọ́ á sọ fún ẹni tí òfin gbé iṣẹ́ lé lọ́wọ́ pé: "Iṣẹ́ rẹ nìyí, ṣe é." Kò ní sọ fún un bí yóò ṣe dá a. Ẹ sì lè bi mí pé kí ló dé tí a kò kàn pe ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn lọ sókè tààrà. Òfin gbà yín láyè lóòótọ́ láti gbé ìdájọ́ TAT lọ sí Ilé-ẹjọ́ Gíga Ìjọba Àpapọ̀ láàárín 30 ọjọ́, lórí kókó òfin. Ṣùgbọ́n ìdájọ́ gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ wà. Ẹni tí kò tíì rí ìdájọ́ gbà, kí ni yóò gbé lọ?

OHUN TÍ Ẹ MÁA KÓ JỌ

- Ìwé tí wọ́n fi bu owó orí fún yín, ìwé àtakò yín, àti èsì tí wọ́n fi kọ̀ ọ́.
- Ìwé ìpẹ̀jọ́ yín ní TAT, èyí tó ní òǹtẹ̀ ọjọ́ tí ẹ fi í sílẹ̀, pẹ̀lú rìsíìtì owó tí ẹ san.
- Àkọsílẹ̀ ìjókòó kọ̀ọ̀kan láti ọwọ́ akọ̀wé ìgbìmọ̀, èyí tí wọ́n ti fọwọ́ sí pé ó jẹ́ ẹ̀dà òtítọ́, tí àwọn lọ́yà ń pè ní CTC.
- Gbogbo lẹ́tà tí ẹ ti kọ, àti èyí tí ẹ rí gbà.
- Ìwé ìforúkọsílẹ̀ ilé-iṣẹ́ yín, kí orúkọ inú ẹjọ́ àti orúkọ inú ìwé má baà yàtọ̀.
- Lọ́yà tó ti ṣe irú iṣẹ́ yìí rí. Ẹ bi í léèrè tààrà pé: "Ẹ ti béèrè mandamus rí?" Lọ́yà tó mọ ẹjọ́ ilẹ̀ bí ẹni mowó lè má mọ ìlànà yìí rárá.

Ọ̀rọ̀ CTC yìí, ẹ má fojú kéré rẹ̀. Òfin Ẹ̀rí ti 2011, abala 104, sọ ohun tó gbọ́dọ̀ wà lórí rẹ̀: kí ẹ san owó rẹ̀, kí òṣìṣẹ́ tó fún yín kọ ọ́ sísàlẹ̀ pé ẹ̀dà òtítọ́ ni, kí ó kọ orúkọ àti ipò rẹ̀, kí ó kọ ọjọ́, kí ó fọwọ́ sí i. Fọ́tòkọ́pì tí ẹ ṣe ní ṣọ́ọ̀bù oníkọ̀ǹpútà ní Ìyàgànkú kò di CTC nítorí pé ó mọ́ rekete.

ÌPELE 1: Ẹ WÁDÌÍ IBI TÍ ẸJỌ́ TI HÁ GAN-AN

Ibí ni mo ti ń rí ọ̀pọ̀ àṣìṣe, nítorí náà ẹ jẹ́ ká jókòó tì í.

Ìyá kan wà tó ń ta aṣọ ní Gbági. Mo bá a lọ béèrè ìgbà tí ìdájọ́ rẹ̀ máa jáde ní ọ́fíìsì kan tí n kò ní dárúkọ. Akọ̀wé tó wà níbẹ̀ rẹ́rìn-ín sí wa, ó ní, "Màmá, ẹ lọ fọkàn balẹ̀, a máa pè yín." Màmá lọ fọkàn balẹ̀ fún oṣù mọ́kànlá. Ọjọ́ tí lọ́yà san owó pé kí wọ́n jẹ́ kí òun wo fáìlì náà, a rí i pé kò sí nínú àwọn tó ń dúró de ìdájọ́ rárá. Ẹgbẹ́ kejì kò tíì fi èsì wọn wọlé, fáìlì sì ti wà lórí pẹpẹ láti ọjọ́ náà. Ká ní a ti sáré lọ sí kóòtù pé wọn ò dá ẹjọ́ wa, ìbéèrè kan ṣoṣo ni adájọ́ ì bá bi wá: "Ẹjọ́ wo ni wọ́n ti gbọ́ tán tí wọn ò dá?"

Ibi márùn-ún ni ẹjọ́ sábà máa ń há sí, oògùn wọn kò sì jọra.

Èkínní, wọn kò fún yín ní ọjọ́ ìjókòó rárá láti ìgbà tí ẹ ti pe ẹjọ́. Mandamus bá èyí mu.

Èkejì, ẹgbẹ́ kejì kò fèsì. Ẹ má gba kóòtù lọ. Inú TAT náà ni kí lọ́yà yín ti fi móṣọ̀n, ìyẹn ìwé tí wọ́n fi ń béèrè àṣẹ, wọlé pé kí ìgbìmọ̀ máa gbọ́ ẹjọ́ lọ láìdúró de èsì wọn. Ọ̀pọ̀ ìgbà, bí ẹgbẹ́ kejì bá ti rí móṣọ̀n yẹn, èsì á jáde láàárín ọ̀sẹ̀ kan.

Ẹ̀kẹta, wọ́n ń sún ẹjọ́ síwájú ṣáá. Èyí le díẹ̀, torí kóòtù á fẹ́ mọ ẹni tó ń béèrè pé kí wọ́n sún un. Mo máa padà sí i ní ìpele 2.

Ẹ̀kẹrin, kò sí ìgbìmọ̀ lórí àga. Kì í ṣe àlá o. Láti 2016 títí di oṣù kọkànlá 2018, kò sí kọmíṣọ́nà kankan tó ń gbọ́ ẹjọ́ ní TAT jákèjádò ilẹ̀ yìí, nítorí pé sáà àwọn ti tẹ́lẹ̀ ti pé, kò sì sí arọ́pò. Zainab Ahmed tó jẹ́ mínísítà ètò ìnáwó nígbà náà ló wá gbé àwọn tuntun wọlé. Bí ẹ bá béèrè mandamus lórí ìgbìmọ̀ tí kò sí ènìyàn nínú rẹ̀, kóòtù á ní òun kì í pàṣẹ lórí asán. Ẹni tí òfin fi iṣẹ́ yíyan àwọn kọmíṣọ́nà sí lọ́wọ́ ni kí lẹ́tà àti ẹjọ́ yín dojú kọ.

Ẹ̀karùn-ún, wọ́n ti gbọ́ ẹjọ́ tán, ìdájọ́ ni kò jáde. Èyí ni mandamus bá mu jù lọ.

Ìkìlọ̀: ẹ má gba ọ̀rọ̀ ẹnu gbọ́ níbí, ì báà jẹ́ ti akọ̀wé, ì báà jẹ́ ti lọ́yà yín pàápàá. Ẹ kọ ìwé pé ẹ fẹ́ wo fáìlì, ẹ san owó rẹ̀, kí ẹ fi ojú ara yín rí i.

Àyẹ̀wò: ẹ gbìyànjú láti parí gbólóhùn yìí láìdúró ronú: "Ẹjọ́ mi, nọ́ńbà báyìí, há sí ibí yìí láti ọjọ́ báyìí, nítorí ìdí báyìí." Bí ẹnu yín bá kọ́ lójú ọ̀nà, ẹ kò tíì wádìí tán.

ÌPELE 2: Ẹ KA ÌSÚNSÍWÁJÚ, TIYÍN NÁÀ Ń BẸ NÍBẸ̀

Ẹ ra ìwé eléwé ogójì. Ẹ fa ìlà sí i: ọjọ́ ìjókòó, ẹni tó béèrè pé kí wọ́n sún ẹjọ́ síwájú, ìdí tó sọ, ọjọ́ tí wọ́n sún un sí. Inú CTC àkọsílẹ̀ ìjókòó ni kí ẹ ti mú un, kì í ṣe inú orí yín. Ẹ fi báírò pupa kọ gbogbo èyí tí ẹ̀yin tàbí lọ́yà yín béèrè.

Ó máa ń ká àwọn ènìyàn lára bí wọ́n bá rí i pé pupa ló pọ̀ jù. Ó sàn kí ẹ rí i nílé ju kí ẹgbẹ́ kejì kà á síta níwájú adájọ́. Mandamus kì í ṣe ohun tí kóòtù gbọ́dọ̀ fún yín dandan. Adájọ́ lè wo ìwà ẹni tó ń béèrè kó sì kọ̀. Bí pupa bá pọ̀, ẹ kọ́kọ́ lo ìjókòó méjì tàbí mẹ́ta láti tako ìsúnsíwájú ní gbangba, kí lọ́yà yín sọ ọ́ kí wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀, kí ó sì béèrè owó gbà-má-bínú lọ́wọ́ ẹni tó ń fa ẹjọ́ sẹ́yìn. Lẹ́yìn náà ni ẹ tó lè sọ pé ẹ̀yin ti ṣe tiyín.

Àyẹ̀wò: ẹ gbé ìwé náà fún ẹni tí kò mọ nǹkan kan nípa ọ̀rọ̀ yìí, kí ó sọ ẹni tó ń fa ìdádúró. Bí kò bá dárúkọ yín, ẹ máa bọ̀.

ÌPELE 3: LẸ́TÀ TÍ ÀWỌN LỌ́YÀ Ń PÈ NÍ DEMAND

Bí ẹ bá máa fi ọjọ́ mẹ́wàá ṣiṣẹ́ lórí ọ̀rọ̀ yìí, ẹ fi mẹ́fà ṣe lẹ́tà. Kóòtù kì í fúnni ní mandamus àyàfi tí ó bá rí i pé ẹni tó ń béèrè ti kọ́kọ́ béèrè lọ́nà tó ṣe kedere, tí ẹni tó ni iṣẹ́ sì kọ̀ tàbí dákẹ́. Ẹjọ́ tó dára ti ṣubú lọ́pọ̀ ìgbà nítorí pé lẹ́tà yìí kò sí, tàbí pé ó wà ṣùgbọ́n kò sọ nǹkan kan.

Oríṣi lẹ́tà méjì ni mo máa ń rí tí kò wúlò. Ọ̀kan ni lẹ́tà ẹ̀bẹ̀: "Ẹ jọ̀wọ́ sà, ẹ fojú àánú wo ọ̀rọ̀ wa." Ẹni tó bẹ̀bẹ̀ kò tíì béèrè ẹ̀tọ́. Èkejì ni lẹ́tà èébú, tó kún fún ẹ̀sùn rìbá tí kò sẹ́ni tó lè fi ẹ̀rí ẹ̀ tì í lẹ́yìn. Ìyẹn ń sọ yín di ẹni tí wọ́n ń wá ẹ̀sùn sí lẹ́sẹ̀.

Gẹ̀ẹ́sì ni ẹ máa fi kọ ọ́ nítorí pé òun ni èdè kóòtù, ṣùgbọ́n ohun tó gbọ́dọ̀ sọ nìyí:

"Ẹjọ́ nọ́ńbà báyìí. Ọjọ́ báyìí ni ẹgbẹ́ méjèèjì parí ọ̀rọ̀ wọn, tí ìgbìmọ̀ sì sọ pé òun á kéde ọjọ́ ìdájọ́. Oṣù 14 ti kọjá láti ìgbà náà. Òfin tó dá ìgbìmọ̀ yìí sílẹ̀ gbé dídá ẹjọ́ yìí lé e lọ́wọ́, abala 36 ìwé òfin ilẹ̀ wa sì fún wa ní ẹ̀tọ́ pé kí wọ́n gbọ́ ẹjọ́ wa láàárín àsìkò tó bójú mu. À ń béèrè pé kí ẹ ka ìdájọ́ náà, tàbí kí ẹ fún wa ní ọjọ́ pàtó tí ẹ máa kà á, láàárín 21 ọjọ́ tí ẹ bá gba lẹ́tà yìí. Bí ọjọ́ náà bá kọjá láìsí èsì, a ó kà á sí pé ẹ kọ̀, a ó sì gba kóòtù lọ."

Kò sí òfin tó ní 21 ọjọ́ ni ẹ gbọ́dọ̀ fún wọn. Èmi ni mo fẹ́ràn rẹ̀: kò kúrú débi tí wọ́n á fi sọ pé ẹ̀ ń lé wọn léré, kò sì gùn jù.

Ẹ tẹ ẹ̀dà mẹ́ta. Ọ̀kan fún ìgbìmọ̀, ọ̀kan fún ẹgbẹ́ kejì kí wọ́n má baà sọ pé àwọn kò gbọ́, ọ̀kan padà sílé pẹ̀lú òǹtẹ̀, orúkọ ẹni tó gbà á, ọjọ́ àti aago. Bí wọ́n bá kọ̀ láti lu òǹtẹ̀, ẹ má bá ẹnikẹ́ni jà ní káńtà. Ẹ fi ilé-iṣẹ́ tó ń gbé ẹrù ránṣẹ́ gbé e lọ, ẹ tọ́jú rìsíìtì wọn, kí ẹni tó mú un lọ nígbà àkọ́kọ́ búra nípa ohun tó ṣẹlẹ̀. Bí ẹ bá tún fi í-meèlì ránṣẹ́, ó dáa, àmọ́ ẹ rántí pé ohun tó bá jáde láti inú kọ̀ǹpútà nílò ìwé ẹ̀rí abala 84 Òfin Ẹ̀rí kí kóòtù tó gbà á wọlé. Ti WhatsApp, ẹ jẹ́ kó wà fún ìkíni àárọ̀.

Ìkìlọ̀ tó ṣe pàtàkì jù nínú gbogbo ìtọ́sọ́nà yìí: lẹ́yìn tí ọjọ́ inú lẹ́tà bá pé, ẹ má sùn. Ìlànà Ilé-ẹjọ́ Gíga Ìjọba Àpapọ̀ sọ pé ẹ gbọ́dọ̀ wá láàárín oṣù mẹ́ta sí ìgbà tí ọ̀rọ̀ náà ṣẹlẹ̀. Ẹ jẹ́ ká ṣírò rẹ̀. Ká ní wọ́n gba lẹ́tà yín lọ́jọ́ 3 oṣù kẹta. Ọjọ́ 21 pé ní 24 oṣù kẹta, wọ́n sì dákẹ́. Láti ọjọ́ náà ni kí ẹ ti máa ka oṣù mẹ́ta, èyí tó máa parí ní 24 oṣù kẹfà. Ṣùgbọ́n àwọn òfin kan tó dá ilé-iṣẹ́ ìjọba sílẹ̀ máa ń ní kí ẹ kọ́kọ́ fún wọn ní ìwé ìkìlọ̀ oṣù kan kí ẹ tó pè wọ́n lẹ́jọ́, inú oṣù mẹ́ta yín náà ni oṣù kan yìí á ti jáde. Ẹni tó bá dákẹ́, tara rẹ̀ á bá a dákẹ́: mo ti rí ẹni tó kọ lẹ́tà tó dára bí wúrà, tó wá fi í sínú dùrọ́ọ̀ fún oṣù márùn-ún. Kíkọ lẹ́tà tuntun lẹ́yìn náà láti tún bẹ̀rẹ̀ ìkà ọjọ́ kì í sábà tan adájọ́.

Àyẹ̀wò: ẹni tó bá ka lẹ́tà yín lẹ́ẹ̀kan gbọ́dọ̀ lè dáhùn pé: kí ni wọ́n béèrè, ta ni wọ́n béèrè lọ́wọ́ rẹ̀, ọjọ́ wo ni èsì gbọ́dọ̀ dé. Òǹtẹ̀ wà lórí ẹ̀dà yín. Ọjọ́ ìparí oṣù mẹ́ta wà lára ògiri, pẹ̀lú báírò pupa yẹn kan náà.

ÌPELE 4: KÓÒTÙ WO, Ọ̀NÀ WO?

TAT jẹ́ ti ìjọba àpapọ̀, nítorí náà Ilé-ẹjọ́ Gíga Ìjọba Àpapọ̀, ẹ̀ka Ìbàdàn, ni ẹ ń lọ. Ilé-ẹjọ́ Gíga ti Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ ní Ring Road kì í ṣe ibẹ̀. Bí ohun tí ẹ ń bá jà bá jẹ́ ìwà ọ́fíìsì owó orí ìpínlẹ̀ fúnra rẹ̀, tí kò kan TAT rárá, ìyẹn ni ọ̀rọ̀ Ring Road, pẹ̀lú ìlànà tiwọn.

Ẹ̀tàn méjì wà níbí. Àkọ́kọ́: àwọn kan á gbà yín nímọ̀ràn pé kí ẹ gba ọ̀nà ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn, torí pé ìlànà rẹ̀ ti 2009 kò béèrè ìyọ̀ǹda, kò sì ní gbèdéke ọjọ́. Ó dùn ún gbọ́. Ṣùgbọ́n kóòtù máa ń wo ohun tí ẹjọ́ dá lé lórí gan-an, bí ó bá sì rí i pé owó orí ni gbòǹgbò rẹ̀, tí ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn kàn jẹ́ aṣọ tí ẹ fi bò ó, á fọ́n ọn dànù. Ẹ lo abala 36 gẹ́gẹ́ bí ìdí kan nínú ẹjọ́ mandamus yín.

Èkejì: abala 294 ìwé òfin ilẹ̀ wa, tó ní kí kóòtù ka ìdájọ́ láàárín 90 ọjọ́ tí wọ́n bá ti parí ọ̀rọ̀. Gbogbo ènìyàn ló mọ̀ ọ́n, gbogbo ènìyàn ló sì ń kọ ọ́ sínú lẹ́tà sí TAT. Àwọn kóòtù tí ìwé òfin yẹn fúnra rẹ̀ dá sílẹ̀ ni abala náà ń bá wí. TAT kò sí lára wọn. Ẹ lè tọ́ka sí i láti fi ṣàlàyé ohun tí "àsìkò tó bójú mu" lè jẹ́, ṣùgbọ́n bí ẹ bá gbé gbogbo ẹjọ́ yín lé e, ẹ ti gbé e lé ẹ̀yìn igbá.

Àyẹ̀wò: orí ìwé yín gbé orúkọ kóòtù tó tọ́, ìgbìmọ̀ náà ni olùjẹ́jọ́, ọ́fíìsì owó orí náà sì wà níbẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn. Ẹjọ́ tó bẹ̀rẹ̀ kí 2026 tó dé á ṣì máa gbé orúkọ FIRS, orúkọ tí ọ́fíìsì owó orí ìjọba àpapọ̀ ń jẹ́ tẹ́lẹ̀. Ẹ jẹ́ kí lọ́yà tún un ṣe sí Nigeria Revenue Service.

ÌPELE 5: ÌYỌ̀ǸDA

Ẹ kò lè kàn wọlé béèrè mandamus. Ẹ máa kọ́kọ́ gba ìyọ̀ǹda láti béèrè rẹ̀. Order 34 nínú ìlànà kóòtù náà ti 2019 ló ṣàlàyé rẹ̀. Lọ́yà á fi móṣọ̀n wọlé láìsí ẹgbẹ́ kejì, pẹ̀lú ìwé tó sọ ẹni tí ẹ jẹ́, ohun tí ẹ ń béèrè àti ìdí rẹ̀, ìwé ìbúra tó fi ìdí ọ̀rọ̀ múlẹ̀, àti àlàyé òfin tí lọ́yà kọ, èyí tí wọ́n ń pè ní written address.

Ohun tí ẹ ń béèrè ni kí a dúró lé díẹ̀. Ẹ wo méjèèjì yìí:

"Kí kóòtù pàṣẹ fún ìgbìmọ̀ náà láti dá wa láre lórí owó orí ọdún báyìí."

"Kí kóòtù pàṣẹ fún ìgbìmọ̀ náà láti ka ìdájọ́ rẹ̀ nínú ẹjọ́ nọ́ńbà báyìí, láàárín 30 ọjọ́."

Ti òkè yẹn á kú lọ́jọ́ kan náà. Ní 1987, Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ gbà fún lọ́yà Gani Fawehinmi láti béèrè mandamus nínú ọ̀rọ̀ ikú oníròyìn Dele Giwa. Ohun tó ń béèrè nígbà náà ni pé kí agbẹjọ́rò ìjọba ní Èkó pinnu: yálà kí ó pe ẹjọ́, tàbí kí ó kọ ọ́ sílẹ̀ pé òun kò ní pè é, kí ẹlòmíràn lè pè é. Kò béèrè pé dandan ni kí ó pe ẹjọ́. Kí ó pinnu ni. Bí tiyín náà ṣe gbọ́dọ̀ rí nìyẹn.

Bí ìbẹ̀rù bá wà pé wọ́n lè ti àkáǹtì yín ní báńkì kí ìdájọ́ tó jáde, ẹ fi kún un pé kí kóòtù ní kí gbogbo nǹkan dúró bó ṣe wà ná. Kí ó má yà yín lẹ́nu bí wọ́n bá ní kí ẹ fi apá kan owó náà sílẹ̀ lọ́dọ̀ kóòtù. Ẹ ti ronú nípa rẹ̀ kí ẹ tó dé ibẹ̀.

Nínú ìwé ìbúra, ohun tó ṣẹlẹ̀ nìkan ni kí ẹ kọ. Abala 115 Òfin Ẹ̀rí kò fẹ́ àríyànjiyàn òfin tàbí ẹ̀bẹ̀ nínú rẹ̀. "Wọ́n fi ìyà jẹ mí" kì í ṣe ohun tó ṣẹlẹ̀. "Mo lọ síbẹ̀ lọ́jọ́ báyìí, wọ́n ní kí n padà wá" ló ṣẹlẹ̀.

Ìkìlọ̀: ẹ̀yin nìkan ni adájọ́ ń gbọ́ lọ́jọ́ yìí, ó sì mọ̀ pé agbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá, àgbà òṣìkà ni. Nítorí náà, ẹ sọ èyí tí kò dára fún yín náà. Ìsúnsíwájú pupa yẹn, ẹ kọ ọ́ síbẹ̀. Lẹ́tà tí wọ́n fi fèsì pé kọmíṣọ́nà kan ń ṣàìsàn, ẹ so ó mọ́ ọn. Bí ẹgbẹ́ kejì bá wá tú u síta lẹ́yìn náà pé ẹ fi nǹkan pamọ́, ìyọ̀ǹda yín á di ohun tí wọ́n gbà padà.

Ẹ tún wo kàlẹ́ńdà. Ìsinmi ọdọọdún kóòtù yìí sábà máa ń bẹ̀rẹ̀ ní ìparí oṣù keje, ọ̀rọ̀ pàjáwìrì nìkan ni wọ́n sì ń gbọ́ nígbà náà.

Àyẹ̀wò: àṣẹ ìyọ̀ǹda wà lọ́wọ́ yín ní títẹ̀, pẹ̀lú òǹtẹ̀. Kì í ṣe pé lọ́yà pè yín lórí fóònù pé "wọ́n ti fún wa."

ÌPELE 6: LẸ́YÌN ÌYỌ̀ǸDA, ẸSẸ̀ GBỌ́DỌ̀ YÁ

Ọjọ́ 14 péré ni ẹ ní láti fi móṣọ̀n gidi wọlé. Mo ti rí ìyọ̀ǹda tó kú sínú báàgì nítorí pé oníbàárà ń wá owó lọ́yà kiri Dùgbẹ̀. Ẹ múra owó yẹn sílẹ̀ kí ẹ tó lọ gba ìyọ̀ǹda.

Ẹ fi ìwé jíṣẹ́ fún gbogbo ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn, kí ó tó ọjọ́ méje kí ìgbẹ́jọ́ tó bẹ̀rẹ̀. Akódà kóòtù ló ń mú un lọ, òun náà ló máa búra pé òun fi jíṣẹ́: fún ta ni, níbo, lọ́jọ́ wo. Bí ẹnì kan bá wà tí kò gbà á, ìwé ìbúra náà gbọ́dọ̀ sọ ọ́, kí ó sì sọ ìdí.

Ohun tó sábà máa ń ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn èyí ni pé ìgbìmọ̀ á dá ọjọ́ fún yín. Ṣàdédé ni lẹ́tà á dé. Inú yín á dùn, ẹ ó sì fẹ́ lọ fa ẹjọ́ mandamus yọ lójú ẹsẹ̀ láti fi hàn pé ẹ kì í ṣe oníwàhálà. Ẹ ní sùúrù. Ọjọ́ tí wọ́n dá kì í ṣe ìdájọ́. Kí lọ́yà sọ fún kóòtù pé kí wọ́n sún mandamus kọjá ọjọ́ tí wọ́n dá yẹn. Bí ìdájọ́ bá jáde, ẹ lọ fa ẹjọ́ yọ tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀. Bí kò bá jáde, ẹ ṣì wà lórí ìlà.

Àyẹ̀wò: ìwé ìbúra akódà wà nínú fáìlì kóòtù, ẹ sì ti fi ojú rí i.

ÌPELE 7: ÀṢẸ TI JÁDE

Ẹ gba àṣẹ náà ní títẹ̀, pẹ̀lú CTC. Kí lọ́yà so Form 48 mọ́ ọn, ìwé tó ń sọ ohun tó ń tẹ̀yìn àìgbọràn wá. Ẹni tí àṣẹ bá gan-an ni kí akódà fi lé lọ́wọ́. Bí ọjọ́ inú àṣẹ bá kọjá, Form 49 ló kù, kí ẹni náà wá sọ ìdí tí kò fi yẹ kí wọ́n fìyà jẹ òun. Mi ò tíì rí ẹni tó nílò láti dé Form 49 nínú ọ̀rọ̀ ìdájọ́ tó pẹ́. Ṣùgbọ́n láìsí Form 48, ọ̀nà Form 49 kò là.

BÍ Ó BÁ JẸ́ PÉ ADÁJỌ́ KÓÒTÙ GÍGA LÓ Ń PẸ́

Bí ẹjọ́ yín bá ti kúrò ní TAT tó ti wà ní Ilé-ẹjọ́ Gíga Ìjọba Àpapọ̀, mandamus kò bá a mu mọ́; kóòtù gíga kì í pàṣẹ irú rẹ̀ fún ara rẹ̀. Níbẹ̀ ni 90 ọjọ́ ti abala 294 ti ń ṣiṣẹ́. Ẹ kọ lẹ́tà sí akọ̀wé kóòtù, lẹ́yìn náà sí Adájọ́ Àgbà kóòtù náà. Òfin pàápàá ní kí adájọ́ tó bá kọjá ọjọ́ yẹn jábọ̀ fún alága Ìgbìmọ̀ Àwọn Adájọ́ Ilẹ̀ Yìí, NJC.

Ẹ má rò pé ìdájọ́ tó kọjá 90 ọjọ́ ti di asán. Abala náà fúnra rẹ̀ ní kò rí bẹ́ẹ̀, àyàfi tí kóòtù òkè bá rí i pé ìdádúró náà ṣe ìdájọ́ yín ní jàǹbá. Ẹ sì má jẹ́ kó yà yín lẹ́nu bí wọ́n bá pe àwọn lọ́yà padà wá tún sọ àlàyé òfin wọn. Ìkà ọjọ́ ni wọ́n fẹ́ tún bẹ̀rẹ̀.

Nínú ẹjọ́ Ariori àti Elemo ní 1983, Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ gbà pé ìdájọ́ pẹ́ jù, ó sì ní ẹ̀tọ́ yìí kì í ṣe ohun tí ẹnì kan lè fi sílẹ̀. Ohun tí wọ́n rí gbà ni pé kí wọ́n lọ bẹ̀rẹ̀ ẹjọ́ náà látìbẹ̀rẹ̀. Ìdí tí mo fi ń sọ fún yín pé ìgbà tí ẹjọ́ ṣì ń pẹ́ ni kí ẹ jà nìyẹn.

Lọ́jọ́ tí TAT bá wá ka ìdájọ́ yín, ẹ béèrè CTC rẹ̀ kí ẹ tó kúrò níbẹ̀, ì báà jẹ́ pé ẹ jàre, ì báà jẹ́ pé ẹ jẹ̀bi. Ọjọ́ 30 fún lílọ sókè ti bẹ̀rẹ̀ sí í lọ láàárọ̀ yẹn.